Owú tí Mo Jẹ Nítorí Màmá Ẹ́sítérì

Rippleside, Barking.
Ọjọ́ Ìṣẹ́gun, lẹ́yìn oúnjẹ ọ̀sán.

Tèmi ọmọ mi, Àbẹ̀kẹ́ tí mo fi ẹ̀bẹ̀ gbà lọ́wọ́ Ọlọ́run,

Mo kí ọ kú iṣẹ́ tuntun, mo sì kí ọ kú ilé tuntun. Kí yàrá tí o gbà ní Lewisham tù ọ́ lára. Mo mọ̀ pé inú rẹ kò dùn sí mi. Ó ti lé ní ọ̀sẹ̀ méjì tí a pínyà ní Aldgate East, láti ìgbà náà “ẹ káàárọ̀ mà” nìkan ni ò ń fi ránṣẹ́ sórí fóònù mi, èmi náà á sì dáhùn pé “káàárọ̀, ọmọ mi,” bí àwọn tó kàn jọ ń gbé àdúgbò kan.

Mo fẹ́ pè ọ́. Àìmọye ìgbà ni mo gbé fóònù tí mo tún gbé e sílẹ̀. Mo mọ ara mi. Bí mo bá gbọ́ ohùn rẹ, ìbínú ni yóò kọ́kọ́ jáde lẹ́nu mi, ẹ̀bẹ̀ á wá dúró sẹ́yìn. Ìdí nìyẹn tí mo fi jókòó sí tábìlì ìdáná pẹ̀lú bírò. Jọ̀ọ́, ka lẹ́tà yìí dé òpin. Ohun tí yóò bí ọ nínú wà nínú rẹ̀, mi ò ní fi í pamọ́, ṣùgbọ́n jẹ́ kí n tò ó bí ó ṣe ṣẹlẹ̀.

Owú ni mo fẹ́ bá ọ sọ. Àwọn àgbà wa ní Abẹ́òkúta máa ń sọ pé òjòwú kì í lẹ́ran láyà. Ìwọ náà wò mí. Mo lẹ́ran láyà, mo lẹ́ran lápá, mo lẹ́ran nídìí. Ta ló máa fura sí mi?

Lọ́jọ́ Àìkú tí mo wá bá ọ rìn yẹn, mo pa ìsìn jẹ. O mọ ohun tí ìyẹn jẹ́ fún mi. Àwọn ẹlẹgbẹ́ mi nínú ẹgbẹ́ akọrin béèrè ibi tí mò ń lọ, mo ní ọmọ mi ti di afinimọ̀nà, ó ń mú àwọn èèyàn rìn káàkiri àdúgbò àwọn Júù àtijọ́ ní Whitechapel, tí wọ́n ń sanwó láti gbọ́ ọ̀rọ̀ ẹnu rẹ̀. Mo fi yangàn. Mo wọ bàtà dúdú tí mo fi ń lọ síbi ìgbéyàwó, bẹ́ẹ̀ o ti sọ fún mi pé ìrìn ni a fẹ́ rìn.

Nígbà tí mo jáde ní Aldgate East, o ti wà níwájú ibùdókọ̀ pẹ̀lú àwọn èèyàn bíi mẹ́wàá. O dì mọ́ mi. O ní, “Ẹ káàbọ̀, Mọ́mì. Tí orúnkún bá ń dùn yín, ẹ sọ fún mi o.” Lẹ́yìn náà o yíjú sí wọn, o sì gbé ohùn sókè. Mi ò gbọ́ irú ohùn yẹn lẹ́nu rẹ rí. Nílé wa, ọ̀rọ̀ kò pọ̀ lẹ́nu rẹ. Níbẹ̀, gbogbo wọn dákẹ́ láti gbọ́ ọ.

O mú wa gba àwọn òpópónà tóóró. O fi ilé tí wọ́n ti ń pín ọbẹ̀ fún àwọn Júù tálákà hàn wá, tí orúkọ rẹ̀ ṣì wà lára òkúta lókè ilẹ̀kùn. O fi èyí tó ti jẹ́ ṣọ́ọ̀ṣì hàn wá, tó padà di sínágọ́gù, tó wá di mọ́ṣáláṣí. O sọ bí àwọn èèyàn náà ṣe fi ọkọ̀ ojú omi dé láìní nǹkan kan lọ́wọ́, bí odindi ìdílé ṣe ń sun yàrá kan, bí wọ́n ṣe ń ránṣọ tí wọ́n ń yan búrẹ́dì nínú yàrá kan náà. Obìnrin ará Amẹ́ríkà kan fọwọ́ kàn mí léjìká. Ó ní, “Ṣé ìwọ ni ìyá rẹ̀? Ọmọ yìí mọ nǹkan! Ta ló kọ́ ọ?” Mo rẹ́rìn-ín. Mo fẹ́ kí ìwọ fúnra rẹ dá a lóhùn.

O sì dá a lóhùn. O dúró síwájú ilé bíríkì kan tó ní ilẹ̀kùn aláwọ̀ ewé. O fi ìka kan àpá kan tó dagun lára òpó ẹnu ọ̀nà, o ní ibẹ̀ ni àwọn Júù tó gbé ibẹ̀ kan àpótí kékeré kan mọ́, tí ọ̀rọ̀ Ọlọ́run wà nínú rẹ̀. O wá ní, “Yàrá òkè yẹn ni wọ́n ti bí obìnrin tó kọ́ mi ní iṣẹ́ yìí. Ọmọ ọdún mẹ́sàn-án ni mí nígbà tí mo mọ̀ ọ́n. Òun ló kọ́ mi pé kí n máa wo òkè ilẹ̀kùn kí n tó wọlé. Mi ò mọ ohun tí mo ṣe fún un. Bóyá ariwo mi pọ̀ jù. Ó ṣáà dẹ́kun àtibéèrè mi, ìgbà tí mo tún máa gbọ́ nípa rẹ̀, ó ti kú.” O rẹ́rìn-ín díẹ̀, bí ẹni pé kò jẹ́ nǹkan kan.

Tèmi, ibẹ̀ ló yẹ kí n ti sọ òtítọ́. Ó ti wà lẹ́nu mi. Ṣùgbọ́n owú yára jù ú lọ. Obìnrin tó kọ́ mi! Èmi dà? Ni mo bá pariwo ní Yorùbá láàárín gbogbo wọn pé, “Ìyá rẹ ńkọ́? Ta ló ń mú ọ wọ bọ́ọ̀sì méjì lọ sílé rẹ̀? Ta ló ń fọ ilé ìtọ̀ níbẹ̀ nígbà tí ẹ̀yin méjèèjì ń ṣeré?”

Wọn kò gbọ́ èdè wa, ṣùgbọ́n wọ́n gbọ́ ohùn. Ojú rẹ yí padà. O ní, “Ẹ jọ̀ọ́, ẹ jẹ́ ká máa lọ,” ní Yorùbá, o sì tún un sọ ní Gẹ̀ẹ́sì fún wọn. O parí iṣẹ́ rẹ. O kò wo ọ̀dọ̀ mi mọ́.

Ẹ̀yìn ìgbà tí wọ́n tú ká ni o tó sọ fún mi pé ọkùnrin tó mú agboòrùn dání, tí mo rò pé ọ̀kan nínú wọn ni, òun ni ọ̀gá tó gbà ọ́ síṣẹ́. O ní, “Kí ni mo ṣe fún yín, Mọ́mì? Ibi iṣẹ́ mi rèé o.” O ti bá wa gba tábìlì sílẹ̀ níbi tí a ti fẹ́ jẹun. Mo ní orúnkún ń dùn mí. Mo sọ̀kalẹ̀ lọ wọ rélùwéè, mo sì fi ọ sílẹ̀ níbẹ̀. Ọpẹ́ ni pé ọ̀gá rẹ kò yọ ọ́ níṣẹ́. Bí ó bá yọ ọ́, èmi ni ìbá fà á.

Mo ní ìmọ̀ràn fún ọ, ọmọ mi, ṣùgbọ́n àṣìṣe mi ló kọ́ mi ní gbogbo rẹ̀.

Èkíní: má ṣe ka ìfẹ́ tí ẹlòmíì ń rí gbà.

Kí n tó wá sí ìlú yìí, nígbà tí mo wà lọ́mọ ọdún mẹ́tàdínlógún, Àdùkẹ́ ọmọ àbúrò ìyá mi wá gbé lọ́dọ̀ wa. Ó mọ irun dì púpọ̀. Bí ó bá di ìrọ̀lẹ́, ìyá mi á jókòó sílẹ̀ níwájú rẹ̀, Àdùkẹ́ á máa dirun fún un, àwọn méjèèjì á máa rẹ́rìn-ín. Èmi tí ó bí, ilẹ̀ ni mò ń gbá. Mo fara dà á títí. Lọ́jọ́ kan, mo mú yẹtí ìyá mi, mo fi í sábẹ́ ẹní Àdùkẹ́, mo sì ṣe bí ẹni tó ń bá wọn wá a. Wọ́n dá ọmọbìnrin náà padà sí abúlé. Kò jà, kò pariwo. Ó kàn wò mí.

Mo rò pé bí Àdùkẹ́ bá lọ, ẹ̀rín yẹn á di tèmi. Ẹ̀rín náà bá a lọ. Nígbà tí mo ní kí n dirun fún ìyá mi, ó ní irun ti sú òun, ó gé e. Títí ó fi kú, mi ò lè sọ ohun tí mo ṣe fún un. Ìfẹ́ kì í ṣe àga kan ṣoṣo, tí ẹnìkan gbọ́dọ̀ dìde kí ìwọ tó jókòó. Lẹ́nu iṣẹ́ rẹ yìí, wàá rí ẹlẹgbẹ́ rẹ tí èrò rẹ̀ pọ̀ ju tìrẹ lọ, tí wọ́n ń pàtẹ́wọ́ fún ju ìwọ lọ. Bá a yọ̀. Bí o kò bá lè bá a yọ̀, máa lọ sílé lọ sùn, má ṣe sọ ohunkóhun lọ́jọ́ náà.

Ǹjẹ́ èmi fúnra mi kọ́gbọ́n? Rárá o.

Nígbà tí o pé ọmọ ọdún mẹ́sàn-án, bàbá rẹ ti fi wá sílẹ̀, èmi sì ń ṣe iṣẹ́ ìtọ́jú àwọn arúgbó nínú ilé wọn. Mi ò rí ẹni tí yóò máa wò ọ́ nígbà ìsinmi ilé ìwé. Màmá Ẹ́sítérì, arúgbó Júù tí mò ń tọ́jú ní Marks Gate, ló ní, “Mú ọmọ náà wá. Mi ò ní sọ fún ẹnikẹ́ni.” Ọmọkùnrin kan ṣoṣo tó bí wà ní Kánádà, kò ní ọmọ-ọmọ nítòsí. O jókòó tì í lọ́jọ́ àkọ́kọ́, o béèrè ohun tí wọ́n ń jẹ nígbà tó wà ní kékeré, obìnrin náà sì bẹ̀rẹ̀ ìtàn. Ọdún mẹ́ta ni kò fi parí rẹ̀. Àwòrán òpópónà ni ẹ̀ ń yà sórí ìwé, ilé lágbájá rèé, ilé ẹlẹ́ran rèé, ibí ni ẹṣin agbé-mílíìkì ṣubú sí. Èmi ń lọ aṣọ rẹ̀, mò ń gbọ́ yín láti yàrá kejì.

Lọ́jọ́ Jímọ̀ kan, mo jáde láti balùwẹ̀ pẹ̀lú kànrìnkàn lọ́wọ́. Ó ti tan àbẹ́là méjì, ó fi ọwọ́ bo ojú rẹ̀, ó ń gbàdúrà. Ìwọ náà dúró lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀, o fi ọwọ́ kékeré rẹ bo ojú. Èmi tí mò ń tan àbẹ́là nílé àdúrà lọ́sọ̀ọ̀sẹ̀, oorun ni o máa ń sùn lẹ́sẹ̀ mi níbẹ̀! Mo padà sínú balùwẹ̀, mo tún un fọ̀ lẹ́ẹ̀kejì. Nínú bọ́ọ̀sì lọ́jọ́ náà o bi mí pé, “Mọ́mì, kí ló dé tí ẹ kì í sọ ìtàn bíi Grandma Ẹ́sítérì?” Mo ní kí o jókòó dáadáa. Ìtàn wà nínú mi, Tèmi. Ó rẹ̀ mí ni. Àkókò tí mi ò ní láti fún ọ, owó rẹ̀ ni wọ́n ń san fún mi láti lọ fún òun, òun náà sì wá ń fi tirẹ̀ fún ọ lọ́fẹ̀ẹ́. Kò yẹ kí ìyẹn dùn mí, ṣùgbọ́n ó dùn mí wọ eegun.

Ohun tí mo ṣe rèé. Nígbà tí o pé ọmọ ọdún méjìlá, mo lọ bá ọ́fíìsì wa, mo ní Marks Gate jìnnà sí mi, kí wọ́n gbé mi lọ síbòmíì. Lọ́jọ́ tí mo lọ dágbére fún Màmá Ẹ́sítérì, ó ní, “Tèmi ńkọ́? Ṣé yóò ṣì máa wá?” Mo ní ọmọ náà ti dàgbà, ó ti ní ọ̀rẹ́, kò fẹ́ wá mọ́. Ó ní, “Bẹ́ẹ̀ ni ọmọdé ṣe máa ń ṣe,” ó sì yíjú sí fèrèsé. Nígbà tí mo délé, mo sọ fún ìwọ pé ó ti rẹ Màmá, pé kò fẹ́ ariwo ọmọdé mọ́.

Kò sọ bẹ́ẹ̀. Kò fìgbà kan sọ bẹ́ẹ̀. Kò dẹ́kun àtibéèrè rẹ. Èmi ni mo dá a dúró.

Ó pè wá lórí fóònù lẹ́ẹ̀mẹta lẹ́yìn ìyẹn. Lẹ́ẹ̀kíní mo ní o lọ kọ́ ẹ̀kọ́. Lẹ́ẹ̀kejì mo ní o ń sùn. Ẹlẹ́ẹ̀kẹta ni kò jẹ́ kí n lè jẹun dáadáa láti ọjọ́ tí mo ti gbọ́ ọ̀rọ̀ rẹ níwájú ilẹ̀kùn yẹn. Inú rẹ̀ dùn lórí fóònù. Ó ní, “Sọ fún un pé mo ti rántí orúkọ ọ̀nà tí ẹṣin náà ṣubú sí. Ó ti ń bi mí léèrè tipẹ́.” Ó sọ orúkọ náà fún mi. Ó tilẹ̀ pe lẹ́tà rẹ̀ níkọ̀ọ̀kan. Mo ní, “Màá sọ fún un, mà.” Bírò wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ mi. Mi ò kọ ọ́ sílẹ̀.

Mo ti jókòó ronú títí, Tèmi, orúkọ náà kò wá. Mo wo àwòrán ìlú lórí fóònù, mo ka orúkọ gbogbo ọ̀nà tó wà ní agbègbè yẹn sókè, kò sí èyí tó ta mí jí. Èyí ni mi ò lè dá padà fún ọ láéláé.

Ní ìgbà òtútù ọdún náà, ẹnìkan tí a jọ ń ṣiṣẹ́ sọ fún mi ní ibùdókọ̀ Chadwell Heath pé Màmá Ẹ́sítérì ti kú. Wọ́n ti sin ín. Ọ̀sẹ̀ mẹ́ta ni mo fi dúró kí n tó sọ fún ọ. O wọ abẹ́ tábìlì, ò ń sunkún, o kọ̀, o kò jáde jẹun. Ṣé o mọ ohun tí mò ń rò bí mo ṣe dúró níbẹ̀? Mò ń rò pé o kò sunkún tó bẹ́ẹ̀ nígbà tí ìyá mi kú ní Abẹ́òkúta. Owú sí òkú! Mo sọ ọ́ fún ọ kí o lè mọ ibi tí nǹkan yìí lè gbé èèyàn dé.

Nítorí náà, èkejì: bí o bá purọ́, tètè lọ tú u palẹ̀. Wọ́n ní bí irọ́ bá lọ fún ogún ọdún, ọjọ́ kan ṣoṣo ni òtítọ́ yóò bá a. Òótọ́ ni, ṣùgbọ́n wọn kò sọ fún wa pé kí ọjọ́ kan náà tó dé, ẹni tó yẹ kí a bẹ̀ lè ti kú, ọmọ tí a parọ́ fún á sì ti dàgbà pẹ̀lú èrò pé ariwo òun ló lé èèyàn lọ. Mo wá mọ ìdí tí ọ̀rọ̀ kò fi pọ̀ lẹ́nu rẹ nínú ilé wa. Ọmọ tí wọ́n sọ fún pé ariwo rẹ̀ pọ̀ jù á dákẹ́.

Àwọn kékeré tún wà tí mi ò ní kà ní nọ́ńbà. Máa mu omi bí o bá ń sọ̀rọ̀ tó bẹ́ẹ̀. Má ra bàtà olówó pọ́ọ́kú fún iṣẹ́ ìrìn. Máa wo ẹni tí ẹsẹ̀ ń dùn kó tó sọ, bí o ṣe ṣe fún mi lọ́jọ́ yẹn, ó dára púpọ̀. Bí àlejò bá sọ ọ̀rọ̀ òmùgọ̀ nípa àwọn Júù, tàbí nípa àwa náà, dá a lóhùn pẹ̀lú sùúrù, ṣùgbọ́n dá a lóhùn.

Lọ́jọ́ tí ìwọ náà bá bímọ, ẹnìkan tí kì í ṣe ìwọ máa fẹ́ràn ọmọ náà. Ó lè jẹ́ olùkọ́, ó lè jẹ́ ìyá ọkọ rẹ, ó lè jẹ́ ará ilé kejì. Ọmọ náà á máa sọ orúkọ ẹni yẹn láti àárọ̀ títí dalẹ́. Yóò ta ọ́ lára. Jẹ́ kó ta ọ́, kí o sì mú ọmọ náà lọ kí i. Wọ́n ní ojú kan ní í bímọ, igba ojú ní í wò ó. Èmi fẹ́ fi ojú mi kan ṣoṣo ṣe iṣẹ́ igba. Orúkọ rẹ ni Tèmilolúwa, àmọ́ èmi gé e kù sí Tèmi, mo sì ń pè é bí ẹni tó ń ka ẹrù rẹ̀.

Lọ́sẹ̀ tó kọjá, mo lọ sí Marks Gate. Ọkùnrin arúgbó tó ń gbé ìsàlẹ̀ ilé Màmá ṣì wà níbẹ̀, òun ló sọ ibi ìsìnkú àwọn Júù tí wọ́n gbé e lọ fún mi. Mo ra òdòdó ní Heathway, mo wọ bọ́ọ̀sì lọ. Ẹni tó wà lẹ́nu ọ̀nà wo ìwé rẹ̀, ó sì mú mi dé ibẹ̀. Ó ní àwọn kì í sábà gbé òdòdó sórí ibojì, òkúta kékeré ni wọ́n ń gbé síbẹ̀, ṣùgbọ́n kò sẹ́ni tó máa lé mi. Mo di òdòdó náà mú lọ́wọ́ bí ọmọ ilé ìwé tó ṣẹ̀.

Mo ní, “Ẹ kú ilé, Màmá.” Mo ní, “Irọ́ ni mo pa. Ó fẹ́ wá. Ojoojúmọ́ ló ń béèrè yín.” Má rò pé mo di ẹni mímọ́ níbẹ̀ o. Bí mo ṣe dúró, mo tún rò ó lọ́kàn pé, tí èmi bá kú, ṣé ọmọ yìí á dúró sẹ́nu ọ̀nà ilé mi, kó fi ọwọ́ kan òpó rẹ̀ fún àwọn àlejò báyìí? Owú náà ṣì wà, Àbẹ̀kẹ́. Mi ò lè ṣe ìlérí pé yóò lọ. Ohun tí mo lè ṣe ni pé n kò ní jẹ́ kó gba ẹnu mi sọ̀rọ̀ mọ́.

Mi ò ní kí o dárí jì mí lónìí. Bínú bí ó bá ṣe yẹ. Ṣùgbọ́n nígbà tí o bá tún dé ilẹ̀kùn yẹn pẹ̀lú àwọn èèyàn rẹ, má sọ pé ó dẹ́kun àtibéèrè rẹ mọ́. Sọ pé ó béèrè rẹ títí tó fi kú. Bí wọ́n bá bi ọ́ pé kí ló wá ṣẹlẹ̀, sọ fún wọn. Sọ pé ìyá rẹ ni.

Mo kọ orúkọ ibi ìsìnkú náà àti nọ́ńbà bọ́ọ̀sì sẹ́yìn ìwé yìí. Bí o bá wọlé, ìlà kẹfà ni, lápá òsì, nítòsí ògiri. Bí o bá fẹ́ kí n bá ọ lọ, màá bá ọ lọ. Bí o bá fẹ́ dá lọ, ó dára bẹ́ẹ̀ náà. Màá jókòó sí ibùdókọ̀ tó wà lódìkejì títì, bó ti wù kó pẹ́ tó, nígbà tí o bá sì jáde, mi ò ní béèrè ohun tí ẹ jọ sọ.

Èmi ni,
ìyá rẹ.